Láísẹ́ǹsì ìbọn ọdẹ láti Kábà dé Ẹ̀gbẹ̀: ó wúlò, àmọ́ ẹ yẹ̀ ẹ́ wò kẹ́ ẹ tó sanwó

Àwọn ọdẹ Ẹ̀gbẹ̀ ní Kogí sábà máa ń bèèrè bóyá ìwé wọn ṣì lẹ́sẹ̀ nílẹ̀ tí wọ́n bá lé ẹran wọ ilẹ̀ Erúkù, torí Kwárà nibẹ̀. Ó lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ìpínlẹ̀ kankan kò lágbára láti ṣòfin ìbọn ní Nàìjíríà. Ìjọba àpapọ̀ ló ni ín, Òfin Ìbọn ti 1959 ló sì ká gbogbo wa.

Lọ́dọ̀ tiwa, irú ìbọn ló ń pinnu ẹni tó máa fọwọ́ sí i. Ṣakabùlà tí à ń ki ẹ̀tù sí lẹ́nu, páámítì ni tirẹ̀. Ìbọn ẹlẹ́nu méjì tó ń jẹ kátíríìjì, àṣẹ Ọ̀gá Àgbà Ọlọ́pàá ló nílò, kì í ṣe ti DPO àdúgbò. Pọ́m̀pù (ìbọn pump-action) àti ìbọn ìléwọ́ ńkọ́? Ààrẹ nìkan ló lè yọ̀ǹda ìyẹn. Ibí yìí lowó ti ń wọgbó jù: ẹni tó bá ń ta pọ́m̀pù “pẹ̀lú ìwé” fún ọdẹ, ẹ̀wọ̀n ló ń tà. Owó ìtanràn ₦20,000 tàbí ẹ̀wọ̀n tí kò gbọ́dọ̀ dín ní ọdún 10, tàbí méjèèjì pọ̀, ni òfin kọ sílẹ̀ fún níní ìbọn láìgbàṣẹ.

Àwọn tí wọn ò gbọ́dọ̀ fún ní láísẹ́ǹsì tàbí páámítì ìbọn ni ẹni tí kò tíì pé ọmọ ọdún 17, ẹni tí ojú rẹ̀ kò ríran dáadáa, ọ̀mùtí, ẹni tí ọpọlọ rẹ̀ kò pé, àti ẹni tí ilé ẹjọ́ dá lẹ́bi ìwà ipá láàárín ọdún 5 sẹ́yìn.

Nọ́ńbà ara ìbọn ló ń ba ìwé jẹ́ jù. Ẹ nu ìpẹtà kúrò lára irin, ẹ fi tọ́ọ̀ṣì wò ó, kẹ́ ẹ dà á kọ ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan. O àti 0, I àti 1 ni wọ́n máa ń ṣì kọ. Ara irin ni kẹ́ ẹ ti kọ ọ́, ẹ má gbẹ́kẹ̀ lé ohun tó wà lára igi ìdí ìbọn, torí igi ṣeé pààrọ̀. Tí kò bá bá ti inú ìwé mu, aláìníwèé ni yín lójú ọlọ́pàá.

Ìwé bàbá tó ní àmì Kwárà lórí, ti ìgbà tí wọn ò tíì dá Kogí sílẹ̀ ní 1991, kì í ṣe ogún. Orúkọ ẹni tó ti kú ló wà níbẹ̀. Kí ẹbí tó pín ẹrù, ẹ kọ́kọ́ fi ọ̀rọ̀ ìbọn náà tó àgọ́ ọlọ́pàá létí.

A fún òfin náà ní 4 nínú 5. Bí wọ́n ṣe ń ṣe é fáráàlú, 2 péré: ìdúró pọ̀, àwọn alágbàṣe ẹnu ọ̀nà sì pọ̀ ju òṣìṣẹ́ lọ. Ẹ gba rìsíìtì fún gbogbo kọ́bọ̀ tẹ́ ẹ bá san, ẹ mú ojúlówó ìwé dání lọ ìgbẹ́, kẹ́ ẹ fi ẹ̀dà rẹ̀ sílé.