Súwíìṣì tó ń gé iná bátìrì: ohun tí ojú mi rí láàárín oṣù mẹ́jọ

Ọkọ̀ mi kì í jáde láàárín ọ̀sẹ̀. Ọ̀kadà ni mo ń gùn lọ síbi iṣẹ́ l'Ádó, ó di Sátidé kí n tó wa ọkọ̀ lọ wo ìyá mi n'Íkọ̀lé. Nígbà ọyẹ́ tó kọjá, Sátidé mẹ́ta léraléra ni mo yí kọ́kọ́rọ́ tí kò dún ju "kẹ-kẹ-kẹ" lọ. Jíà ọ̀tọ́mátíìkì ló ní, kò sí pé ká tì í kó ṣíná. Lọ́jọ́ kẹta yẹn, òkú ẹ̀gbọ́n ìyá mi là ń lọ sin. Bátìrì náà kò sì tíì pé ọdún kan.

Rìwáyà, oníṣẹ́ iná ọkọ̀, tí mo pè n'Ájílósùn ní, "Ọ̀gá mi, ẹ jẹ́ ká fi súwíìṣì sí i, ó parí." Kò lò tó ogún ìṣẹ́jú. Ó fi sípánà 10 tú wáyà dúdú tó wà lórí negative, ó de súwíìṣì mọ́ orí bátìrì, ó sì de wáyà náà mọ́ apá kejì rẹ̀. Orí negative ni kẹ́ ẹ jẹ́ kí wọ́n fi í sí o. Bí wọ́n bá bẹ̀rẹ̀ láti positive, tí sípánà fara kan irin ọkọ̀, iná á ṣẹ́ yọ lójijì.

Èyí tó kọ́kọ́ fi sí i ni olórí róbótó tí wọ́n ń lọ́ bí ìdérí ìgò. Ó ṣiṣẹ́, ọkọ̀ ń ṣí. Ṣùgbọ́n oṣù kan kò pé tí ẹ́ńjìnnì fi bẹ̀rẹ̀ sí í lọ́ra. Mo fọwọ́ kan súwíìṣì náà, ó gbóná janjan. Irin fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí wọ́n kùn bí idẹ ni, kòtò ọ̀nà Ìfàkì sì ti mì í tú. Iná tí sítátà ń fà lè ju 100 amp lọ. Ibi tí kò bá fún dáadáa, ooru ni yóò dà níbẹ̀. Mo yọ ọ́ dànù, mo ra aláwòrán ọ̀bẹ, èyí tí a ń tì bọ ààyè rẹ̀, idẹ gidi. Owó rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìlọ́po méjì, kò sì dùn mí. Láti ìgbà náà, kò gbóná rí.

Ọmọkùnrin tó bá mi de ìyẹn ní Bàsírì ló la ojú mi. Ó fi mítà sáàárín bátìrì àti wáyà dúdú nígbà tí ọkọ̀ kú pátápátá: 0.4 amp. "Ẹ̀gbọ́n, lójúmọ́ kan, ó ń jẹ nǹkan bíi 10 amp-hour nínú 60 tí bátìrì yín ní." Ó ń yọ fíúsì lọ́kọ̀ọ̀kan, títí ó fi kan ti rédíò, mítà sì já sí 0.03. Rédíò tí wọ́n yí fún mi lọ́dún tó kọjá ni kò sùn rí! Inú bí mi gan-an, nítorí ẹni àkọ́kọ́ kò tilẹ̀ wá a. Súwíìṣì dára, ṣùgbọ́n ẹni tó bá tà á fún yín bí oògùn bátìrì tó ń jò, ó rẹ́ yín jẹ.

Ó ti tún rédíò ṣe, síbẹ̀ n kò yọ súwíìṣì, torí mo máa ń lo ọ̀sẹ̀ méjì nígbà mìíràn láìrìnrìn àjò. Ẹ mọ̀ pé tẹ́ ẹ bá ti gé e, àlámù ti kú nìyẹn, rímóòtù kò ní ṣílẹ̀kùn, aago á bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ẹ́ńjìnnì sì lè máa gbọ̀n fún ìṣẹ́jú díẹ̀ tó bá kọ́kọ́ ṣí. Ẹ má gé e láé nígbà tí ẹ́ńjìnnì ń ṣiṣẹ́: iná alternator, ẹ̀rọ tó ń cháàjì bátìrì, lè ru sókè kó sì ba brainbox, kọ̀ǹpútà ọkọ̀, jẹ́.

Sátidé tó kọjá, aago márùn-ún ìdájí, mo ti ọ̀bẹ náà bọ ààyè rẹ̀, mo yí kọ́kọ́rọ́, ó dáhùn lẹ́ẹ̀kan. Ìyá mi ṣì ń gbálẹ̀ iwájú ilé nígbà tí mo dé.