Pásítà oníhò tí mo ń kì ṣíkìn àti ẹ̀fọ́ sí nínú: ẹ rà á, ṣùgbọ́n ẹ má tẹ̀lé ẹ̀yìn páálí ẹ̀ délẹ̀

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ń bi mí nípa pásítà oníhò gbọọrọ yẹn, èyí táwọn ará Ítálì ń pè ní cannelloni, tí wọ́n máa ń kì nǹkan bọ inú ẹ̀ kí wọ́n tó gbé e sínú ófùn, ẹ wá gbọ́ tẹnu mi. Ó dáa. Mo fẹ́ràn ẹ̀ gan-an, owó tí mo fi rà á ò dùn mí, màá sì tún rà á tí èyí bá tán. Ṣùgbọ́n ẹni tó kọ ọ̀rọ̀ ẹ̀yìn páálí yẹn, ará ilé ẹ̀ ní Ítálì ló ń bá sọ̀rọ̀, kì í ṣe ẹni tó ń dín ọbẹ̀ ata ní Ìbàdàn, tẹ́ ẹ bá sì ṣe é bí wọ́n ṣe kọ ọ́ gẹ́lẹ́ pẹ̀lú ọbẹ̀ tiwa, etí ẹ̀ á le, àárín ẹ̀ á gbẹ, ẹ ó wá máa sọ pé ọjà burúkú ni wọ́n tà fún yín. Ọjà náà ò burú. Omi ló ń wá.

Supamákẹ́ẹ̀tì kan ní Bódìjà ni mo ti ń rà á, níbi tí wọ́n ń to sùpàgẹ́tì àti mákàrónì sí, òkè pátápátá ló máa ń wà. Páálí 250 gíráàmù ni, mi ò sì ní parọ́ fún yín, owó ẹ̀ ju ti sùpàgẹ́tì 500 gíráàmù tá à ń rà ládùúgbò lọ fíìfíì. Kò sí ẹyin nínú ẹ̀, wíìtì líle tí wọ́n ń pè ní durum àti omi náà ni wọ́n fi ṣe é, ìyẹn ló jẹ́ kó lè dúró dáadáa nínú ọbẹ̀ fún bíi wákàtí kan láìfọ́ láìrọ̀ jù. Ohun tí mi ò fẹ́ níbẹ̀ ni pé nínú gbogbo páálí tí mo bá já, ó máa ń ní èyí tó ti sán tàbí tí ẹnu ẹ̀ ti kán, ọ̀nà jíjìn ló kúkú ti ń bọ̀. Èyí tó kán yẹn, ẹ má dà á nù o, ẹ tẹ́ ẹ sí ìsàlẹ̀ abọ́, á jinná pẹ̀lú àwọn tó kù. Ohun kejì tí mi ò fẹ́, ìwà ọlọ́jà lèyí, ni pé wọ́n máa ń lẹ ìwé owó mọ́ orí déètì tó máa bàjẹ́. Ẹ ṣí ìwé yẹn kẹ́ ẹ tó sanwó, ẹ má jẹ́ kí ojú tì yín, owó yín ni.

Ó yá, ọ̀rọ̀ omi. Wọ́n kọ ọ́ sára ẹ̀ pé kí a má bọ̀ ọ́ tẹ́lẹ̀, òótọ́ sì ni wọ́n sọ, torí tẹ́ ẹ bá bọ̀ ọ́, ó máa ń lẹ̀ mọ́ra, á máa ya mọ́ yín lọ́wọ́, ẹ ò ní rí nǹkan kì sí i. Bó ṣe gbẹ yẹn gan-an lẹ máa lò ó. Ṣùgbọ́n nǹkan tó bá gbẹ báyẹn gbọ́dọ̀ mu omi níbì kan kó tó lè rọ̀, inú ọbẹ̀ tẹ́ ẹ bá dà lé e ló sì ti máa mu ún. Ọbẹ̀ tòmátò tiwọn lọ́hùn-ún, ó máa ń ṣàn. Tiwa ńkọ́? A máa ń se ata títí omi ẹ̀ á fi gbẹ, a ó tún wá dín in títí òróró á fi léfòó sókè, ìyá ẹni tó bá kọ́ni dáadáa ò sì ní gbà kéèyàn sọ̀ ọ́ kó tó débẹ̀. Ọbẹ̀ tó dùn ni, ìrẹsì ń fẹ́ ẹ, iyán ń fẹ́ ẹ, ṣùgbọ́n pásítà gbígbẹ ò rí nǹkan mu nínú ẹ̀. Nítorí náà ẹ dín ọbẹ̀ yín bẹ́ ẹ ṣe ń dín in, ẹ má yí ìyẹn padà, adùn ẹ̀ wà níbẹ̀, lẹ́yìn náà kẹ́ ẹ wá bu omi tẹ́ ẹ fi bọ adìyẹ sí i díẹ̀díẹ̀ títí á fi máa ṣàn. Ẹ fi ṣíbí bù ú wò. Tó bá dúró lórí ṣíbí, omi ò tíì tó. Tó bá ń yọ̀ kúrò lórí ẹ̀ wẹ́rẹ́ tó kàn kun ẹ̀yìn ṣíbí pupa, ó ti tó nìyẹn. Tàtàṣé ni kó pọ̀ nínú ata yẹn, kí rodo má pọ̀ jù, kí ẹnu lè tọ́ nǹkan tó wà nínú ẹ̀ wò.

Adìyẹ wá ńkọ́? Mo ti fi bùròílà ṣe é, mo ti fi àgbébọ̀ ṣe é, àgbébọ̀ ni o. Ẹran bùròílà rọ̀ jù, tó bá ti dé inú ófùn lẹ́ẹ̀kejì kì í ní ìjẹ lẹ́nu mọ́, àmọ́ àgbébọ̀ tẹ́ ẹ bá fi alùbọ́sà, táìmù àti iyọ̀ bọ̀ dáadáa, ẹran ẹ̀ máa ń ní agbára, omi ẹ̀ náà sì dùn ju ti bùròílà lọ, omi yẹn la sì nílò. Ẹ fọwọ́ fà á ya kúrò lára eegun, kẹ́ ẹ wá fi ọ̀bẹ gé e wẹ́wẹ́. Ẹ má lọ̀ ọ́ nínú bílẹ́ńdà, ẹ jọ̀ọ́, eyín ń fẹ́ nǹkan tó máa rún.

Ẹ̀fọ́ tí mo máa ń lò ni ṣọkọ. Àwọn kan máa ń wá sípínáàṣì kiri, mi ò rídìí ẹ̀, ṣọkọ tuntun láti Bódìjà tí ìdí ẹ̀ ṣì tutù, tẹ́ ẹ bọ̀ fún ìṣẹ́jú bíi méjì tẹ́ ẹ sì fọwọ́ fún omi ẹ̀ gbẹ, ó dùn níbẹ̀ ju gbogbo ẹ̀ lọ. Tẹ̀tẹ̀ náà dáa. Gbúre ni kẹ́ ẹ fi sílẹ̀, omi ẹ̀ pọ̀ jù, inú pásítà á di rẹ́kẹrẹ̀kẹ. Mo máa ń ha kárọ́ọ̀tì kan tàbí méjì sí i, àti alùbọ́sà tí mo ti fi òróró díẹ̀ dín.

Ohun tó mú tèmi yàtọ̀, tí mo fẹ́ kí gbogbo ọmọ Yorùbá tó bá ń se nǹkan yìí mọ̀, ni wàrà. Ricotta ni wọ́n ń pò mọ́ ẹran àti ẹ̀fọ́ lọ́hùn-ún, wàràkàṣì funfun rírọ̀ kan báyìí, n kì í sábà rí i rà níbí, tí mo bá sì rí i, owó ẹ̀ ń dẹ́rù bani. Bẹ́ẹ̀ wàrà táwọn obìnrin Fúlàní ń fi mílíìkì màlúù àti omi bomubomu ṣe wà nílẹ̀ lọ́dọ̀ wa, ó funfun, ó rọ̀, ó sì dùn. Ìyá oníwàrà tí mo máa ń rà lọ́wọ́ ẹ̀ ní Sábó bi mí nígbà kan pé, "Àǹtí, ṣé ẹ máa dín in ni kí n bá yín mú èyí tó le?" Mo ní rárá mà, èyí tó rọ̀ jù ni kẹ́ ẹ fún mi, mo fẹ́ rún un mọ́ adìyẹ ni. Ọjọ́ tí wọ́n ṣe é gan-an ni kẹ́ ẹ rà á o, torí tó bá ti sùn, ó ti kan nìyẹn. Ẹ ṣan án, ẹ tẹ omi ẹ̀ jáde, ẹ fọwọ́ rún un, ẹ pò ó mọ́ adìyẹ àti ṣọkọ pẹ̀lú iyọ̀ àti ata gbígbẹ díẹ̀. Inú ni kẹ́ ẹ fi sí, ẹ má fi sí òkè, wàrà kì í yọ́ lórí iná, ẹ̀yin náà mọ̀ pé a máa ń dín in bí ẹní dín dùńdún tí kò sì ní tú.

Kíkì í sínú pásítà ló ń gba sùúrù. Mo máa ń rọ gbogbo ẹ̀ sínú náílọ́ọ̀nù tó nípọn, màá gé igun kan ẹ̀ kó fẹ̀ tó ẹnu pásítà, màá wá gbé pásítà náà dúró lórí pátákó, màá fi ọwọ́ òsì dì í mú, màá máa fún náílọ́ọ̀nù náà sí i láti òkè. Ó máa ń sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ẹ ó máa rí i bó ṣe ń ṣókùnkùn láti ìsàlẹ̀ bọ̀ wá sókè torí ara pásítà yẹn ń jẹ́ kéèyàn rí inú ẹ̀ fírífírí. Tó bá ku díẹ̀ kó dé ẹnu, ẹ dúró. Ẹ má tẹ̀ ẹ́ mọ́lẹ̀ pé kó kún dẹ́múdẹ́mú, ó ṣì máa wú nínú ófùn, á sì bẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́.

Ọbẹ̀ funfun tá a máa dà lé ọbẹ̀ ata yẹn lórí ò ṣòro. Bọ́tà ṣíbí ìjẹun mẹ́ta, fúláwà ṣíbí mẹ́ta, mílíìkì tó kún ike omi 50cl kan. Mílíìkì oníyẹ̀fun tẹ́ ẹ po mọ́ omi lọ́wọ́ọ́wọ́ náà ṣe é lò, òun lèmi ń lò. Ẹ yọ́ bọ́tà, ẹ da fúláwà sí i, ẹ máa rò ó lórí iná kékeré títí òórùn fúláwà tútù yẹn á fi kúrò, kó má pọ́n o, kẹ́ ẹ wá máa da mílíìkì sí i díẹ̀díẹ̀ kẹ́ ẹ má dáwọ́ rírò dúró. Kí òun náà máa ṣàn.

Ẹ tẹ́ ọbẹ̀ pupa sí ìsàlẹ̀ abọ́, ẹ to pásítà sí i ní ìlà kan ṣoṣo, ẹ da ọbẹ̀ pupa tó kù lé e, ẹ da funfun lé ìyẹn, kẹ́ ẹ wá wo gbogbo igun ẹ̀ dáadáa, torí ibi tí ọbẹ̀ ò bá kàn lára ẹ̀ ò ní rọ̀ láéláé. Ẹ fi fọ́ìlì bò ó dán-in. 180 dígírì ni wọ́n kọ, ìṣẹ́jú 35, àmọ́ ófùn gáàsì wa tí iná ẹ̀ ń ti ìsàlẹ̀ nìkan wá, mo máa ń fún un ní 45 tòun ti fọ́ìlì lórí irin àárín, màá tún gbé tíréè mìíràn sábẹ́ abọ́ kí ìsàlẹ̀ má jóná, lẹ́yìn náà màá ṣí fọ́ìlì, màá bu wàràkàṣì tí wọ́n ti ha wẹ́wẹ́ lé e, ó tún di bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Wàràkàṣì yẹn wọ́n, ẹ̀kúnwọ́ kan tó, cheddar lásán náà ti tó, ẹ má jẹ́ kẹ́nikẹ́ni sọ fún yín pé àfi mozzarella. Ẹ fi ẹnu ọ̀bẹ gún un, tó bá wọlé láìjà, ó ti jinná. Ẹ fi sílẹ̀ fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá kẹ́ ẹ tó bù ú, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀ gbogbo ẹ̀ á tú mọ́ yín lójú.

Màmá ọkọ mi, tí wọn kì í jẹ nǹkan tó bá jọ oúnjẹ òyìnbó, jẹ méjì. Wọ́n ní, "Ìyàwó mi, kí lẹ kì sínú ẹ̀ yìí?" Mo ní adìyẹ ni mà, pẹ̀lú ṣọkọ àti wàrà. Wọ́n jẹun lọ díẹ̀, wọ́n ní, "Ó dáa o, ṣùgbọ́n ata ẹ̀ ò tó." Àtìgbà náà ni mo ti ń fi ṣọ̀ǹbọ̀ sínú tiwọn lọ́tọ̀, tàwọn ọmọ ò ní.

Tó bá jẹ́ pé adìyẹ ọdún ló ṣẹ́ kù sílẹ̀, pásítà yìí gan-an ló yẹ kẹ́ ẹ rántí. Ní Catalonia, lápá Sípéènì, 26 oṣù December ni wọ́n máa ń jẹ ẹ́, ẹran tó kù lọ́jọ́ Kérésì ni wọ́n ń gé kì sínú ẹ̀. Adìyẹ tá a ti dín náà ṣe é lò, ẹ kàn fi omi ẹran rọ̀ ọ́ díẹ̀ kẹ́ ẹ tó gé e.

Àmọ́ ẹni tó fẹ́ sáré fún àwọn ọmọ lóúnjẹ alẹ́ lọ́jọ́ iṣẹ́, kó má rà á, iṣẹ́ ẹ̀ pọ̀. Tẹ́ ẹ bá sì dé supamákẹ́ẹ̀tì tẹ́ ẹ ò bá a, ẹ ra lasagna, pásítà pẹlẹbẹ tó dà bí abala ìwé yẹn, òun kì í sábà wọ́n lórí àtẹ. Ẹ ki í bọ omi gbígbóná ní ọ̀kọ̀ọ̀kan títí á fi rọ̀ tó ṣe é ká, ẹ tẹ́ ẹ sórí aṣọ tó mọ́, ẹ to adìyẹ sí etí kan, kẹ́ ẹ ká a. Kò ní dúró gírígírí tó ti oníhò, ṣùgbọ́n ó yá ju kíkì lọ, èyí tó bá ya ẹ lè lẹ̀ ẹ́ padà, ọbẹ̀ kan náà lẹ sì máa dà lé e.