Original Ni! Original Ti Ibo? Àyẹ̀wò Ọ̀rọ̀ Tí Wọ́n Fi Ń Ta Ańkárá ní Balógun

Bí èèyàn bá gba Apọ́ngbọ̀n wọ ọjà Balógun, kó tó dé Breadfruit Street, ọ̀rọ̀ kan ni yóò ti kún un létí: original. Àwọn ọmọ tó ń fa èrò wọ ṣọ́ọ̀bù ti gé e kúrú sí oríjo. Ọ̀rọ̀ náà gan-an la gbé sórí káńtà lónìí, ká yẹ̀ ẹ́ wò bí a ṣe ń yẹ ọjà wò, torí oníbàárà ń sanwó lé e lórí. Ańkárá tí wọ́n pè ní original àti èyí tí wọn ò pè bẹ́ẹ̀, owó wọn kì í dọ́gba.

Ká sọ èsì rẹ̀ kíá: lọ́pọ̀ ìgbà, aláṣọ tó ní aṣọ òun original kò parọ́. Gbólóhùn rẹ̀ ni kò tíì parí.

Lẹ́nu àwọn tó ni Gẹ̀ẹ́sì, iṣẹ́ mẹ́ta ni original ń ṣe. Ó lè jẹ́ ti ìpilẹ̀ṣẹ̀, ohun tó ti wà kí òmíràn tó dé. Ó lè jẹ́ ti ojúlówó, ohun tí kì í ṣe àdàkọ. Òun ni wọ́n ń bèèrè ní ọ́fíìsì tí wọ́n bá ní ká mú original sátífíkéètì wá, fọ́tókópì kò gbà. Ó sì lè jẹ́ ti àrà, èrò tí ẹnìkan kò rò rí. Inú èdè Látìn ni gbòǹgbò rẹ̀ wà, níbi tí ó ti túmọ̀ sí kí nǹkan yọ, bí oòrùn ṣe ń yọ. Ìbéèrè “láti ibo” ti wà nínú ọ̀rọ̀ yìí láti ilé. Balógun wá fi iṣẹ́ kẹrin kún un: ó dáa, kò ní ṣá. Iṣẹ́ kẹrin yìí ni aláṣọ sábà máa ń ní lọ́kàn, èkejì sì ni oníbàárà ń gbọ́. Ibẹ̀ ni ìjà ti ń bẹ̀rẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà jókòó sí tún dá kún un. Gẹ̀ẹ́sì máa ń fi ọ̀rọ̀ àpèjúwe ṣáájú ohun tó ń ṣàpèjúwe, àwa sì sábà máa ń fi í kẹ́yìn. Tí aláṣọ bá ní “Holland design original”, etí tó ń kánjú á gbọ́ Holland, á gbọ́ original, á so méjèèjì mọ́ra, á sì gbàgbé design tó wà láàárín. Bẹ́ẹ̀ design yẹn ni original náà rọ̀ mọ́: bátànì náà jọ ti Holland dáadáa, ohun tí ó sọ ò ju ìyẹn lọ. A tiẹ̀ tún máa ń gbọ́ “original copy”. Ojúlówó àdàkọ! Ẹ má rẹ́rìn-ín, ó nítumọ̀ lọ́jà: àdàkọ ni, ṣùgbọ́n ẹni tó dà á kọ mọṣẹ́.

Ẹ gbọ́ bí ìbéèrè tó péye ṣe máa ń lọ:

“Àlàájà, ẹ kú ọjà o. Ṣé original lèyí?”

“Original ni, àǹtí mi. Ẹ fọwọ́ kàn án.”

“Original ti ibo, mà?”

“Ti Ṣáínà ni. Ṣùgbọ́n kì í ṣe Ṣáínà tó ń ṣá o.”

Ìdáhùn ìkẹyìn yẹn gba ìràwọ̀ márùn-ún lọ́wọ́ wa. Ó sọ ibi tí aṣọ ti wá, ó jẹ́wọ́ pé ti Ṣáínà ju oríṣi kan lọ, ó sì jẹ́ ká mọ̀ pé àwọ̀ tó dúró ni original túmọ̀ sí lẹ́nu òun. Hitarget, tó jẹ́ ti Ṣáínà, ti lórúkọ tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi ń polówó “original Hitarget”.

Ní ti ìdánwò, ohun mẹ́ta ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni original lè máa jẹ́rìí sí lára ańkárá: ibi tó ti wá, ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe é, àti òwú tó wà nínú rẹ̀. Ìdánwò ọ̀kan kì í dáhùn fún èkejì.

Ibi tó ti wá, etí aṣọ ni ẹ ó ti kà á. Vlisco, ilé iṣẹ́ tí wọ́n dá sílẹ̀ ní Helmond ní Netherlands, tí ọjà ń pè ní Holland, ní 1846, máa ń tẹ Guaranteed Dutch Wax Vlisco sí etí tirẹ̀. Ẹ kà á ní lẹ́tà kọ̀ọ̀kan, ẹ má fi ojú gbá a. Àwọn kan á tẹ Dutch Wax, wọn á wá fi design tàbí style tì í lẹ́yìn. Àwọn kan á yí lẹ́tà kan padà nínú orúkọ. Veritable àti real tí ẹ ń rí níbẹ̀ kò jẹ́rìí sí ohunkóhun, ẹnikẹ́ni ló lè tẹ̀ wọ́n. Àmì tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ojú aṣọ kò tó ẹ̀rí, ó ṣeé ṣí kúrò lára ọ̀kan lẹ̀ mọ́ òmíràn.

Ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe é ni ọ̀pọ̀ èèyàn kì í yẹ̀ wò, bẹ́ẹ̀ òun ló dùn ún yẹ̀ wò jù. Ẹni tó bá mọ àdìrẹ alábẹ́là ti Abẹ́òkúta ti mọ ìdajì iṣẹ́ náà: ibi tí àbẹ́là bá wà, aró kò ní wọ ibẹ̀. Ní ilé iṣẹ́ wax, ìyẹn ańkárá tí wọ́n ń ṣe lọ́nà bẹ́ẹ̀, oje igi gbígbóná ni wọ́n ń fi rólà tẹ̀ sí ojú àti ẹ̀yìn aṣọ kí wọ́n tó rì í sínú aró. Oje náà á gbẹ, á sán wẹ́wẹ́, aró á sì yọ́ wọ ojú sísán náà. Ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ bí iṣan ewé tí ẹ ń rí lára ańkárá, ibẹ̀ ló ti wá.

Ìdánwò tirẹ̀ nìyí. Ẹ ṣí aṣọ náà gbọọrọ. Ẹ mú òdòdó kan, tàbí ẹyẹ kan, kí ẹ wo ìlà sísán kan tó gba ara rẹ̀ kọjá, bó ṣe tẹ̀ àti ibi tó ti yà sí méjì. Ẹ wá tọ aṣọ lọ títí bátànì kan náà fi tún yọ. Tí ìlà yẹn bá tún wà níbẹ̀, tó tẹ̀ bó ṣe tẹ̀, tó yà níbi tó ti yà, ẹ̀rọ ló ya ìlà náà, oje kankan kò sán. Sísán gidi kì í rí bákan náà lẹ́ẹ̀mejì. Lẹ́yìn náà, ẹ yí aṣọ padà. Wax máa ń mu àwọ̀ lójú àti lẹ́yìn. Èyí tí wọ́n tẹ̀ lójú nìkan, ẹ̀yìn rẹ̀ kò ní mu àwọ̀ tó ojú. Ẹ rántí pé àbájáde yìí ò sọ orílẹ̀-èdè. Ilé iṣẹ́ GTP ní Tema ní Gánà ń ṣe wax gidi, Uniwax ní Abidjan náà ń ṣe é, wọ́n sì ń ṣe é ní Ṣáínà. Vlisco fúnra rẹ̀ sì ń ta aṣọ kan tí wọ́n ń pè ní Java, tí kì í ṣe wax. Ẹni tó ní aṣọ tí kò sán kì í ṣe original ti ṣi ọ̀rọ̀ lò.

Ti òwú kò gba àkókò. Ẹ fa fọ́nrán mẹ́fà yọ ní etí, ẹ lọ́ wọn pọ̀, ẹ jáde síta gbangba, ẹ ṣáná sí i. Òwú máa ń jó bí ìwé, òórùn ìwé ló ń gbà, eérú rẹ̀ á sì kúnná. Pọ́líẹ́sítà á yọ́, á sún kì, á wá di kókó dúdú líle. Tí méjèèjì bá ṣẹlẹ̀ pa pọ̀, àdàlù ni. Àárín ṣọ́ọ̀bù aṣọ ní Balógun kọ́ lèèyàn ti ń ṣáná o.

Líle tún máa ń tan èèyàn jẹ. Táàṣì púpọ̀ lè mú kí aṣọ tí kò kì dúró gbagidi bí ìwé, tí fífọ̀ kan bá dé, á di jẹ́lẹ́nkẹ́. Ẹ fún igun kan pọ̀ mọ́ àtẹ́lẹwọ́, ẹ rin ín dáadáa, kí ẹ wá gbé e sójú ìmọ́lẹ̀. Tí lẹ́búlẹ́bú funfun bá ń bọ́, tí ojú òwú sì là, táàṣì lẹ fẹ́ rà yẹn. Fún àwọ̀, ẹ fi áńkáṣíìfù funfun tó tutù ra á fún ìṣẹ́jú kan. Kó yọ díẹ̀ kò burú, pàápàá aṣọ aró. Kó yí áńkáṣíìfù padà sí àwọ̀ tirẹ̀ ló burú.

Èyí tó pa wá lẹ́rìn-ín nínú gbogbo rẹ̀ ni pé Holland tí gbogbo ọjà ń fi búra, àfarawé ló fi bẹ̀rẹ̀. Bàtíìkì àwọn ará erékùṣù Java ní Indonesia ni àwọn ará Netherlands fi ẹ̀rọ ṣe àwòkọ rẹ̀ ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, kí aṣọ náà tó rí ọjà ní etíkun wa. Nípa ìtumọ̀ àkọ́kọ́, Java ló ni original.

Ní ti àwọn tó ń tà á, ṣọ́ọ̀bù tó ń ta odidi ìdì ló sábà máa ń dáhùn tààrà, torí télọ̀ àti aláṣọ ẹbí ni oníbàárà wọn, àwọn yẹn á sì padà wá. Àwọn tó ń kó aṣọ lé èjìká kiri, ẹ lè rí aṣọ tó dáa lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n ẹ ò ní rí wọn lọ́la. Ní ọjà Tejúoṣó ní Yàbá, ariwo kò tó ti Balógun, àyè ìwọ̀nba sì wà láti tẹ́ aṣọ sílẹ̀ wò.

Ẹ wọ̀n ọ́n kí wọ́n tó gé e. Yáàdì mẹ́fà jẹ́ 216 íǹṣì, ó dín díẹ̀ ní mítà márùn-ún àbọ̀. Aṣọ tí wọ́n ká pọ̀ dáadáa lè jẹ́ márùn-ún àbọ̀ yáàdì, kò sì sí ọ̀rọ̀ àpèjúwe tó lè fi àbọ̀ kún un fún télọ̀. Wọn kì í gba aṣọ tí wọ́n ti gé padà.

Tí ẹ bá fẹ́ sanwó, ẹ ní kí wọ́n kọ ibi tí aṣọ ti wá àti ohun tí wọ́n fi ṣe é sórí rìsíìtì. Ẹni tó dá ọjà tirẹ̀ lójú á kọ Holland wax tàbí China wax, bíírò rẹ̀ kò ní dúró. Ẹni tó ti ń pariwo original látìgbà tí ẹ ti wọlé, ẹ wo ọwọ́ rẹ̀ lórí ìwé: “ankara, 6 yards” ni yóò kọ.