Ẹ̀rọ MRI mẹ́ta lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn: èwo ni iná yín lè gbé?

Ẹ̀yin dókítà àti onílé ìwòsàn tí ẹ ń múra àtira ẹ̀rọ MRI, èyí tó ń fi òòfà yàwòrán inú ara, ẹ má tíì béèrè iye tí wọ́n ń tà á. Iye tí yóò máa ná yín kó tó lè wà nínú òtútù ni kí ẹ kọ́kọ́ béèrè, torí òtútù gan-an ni ẹ̀ ń rà.

Nínú èyí tó wọ́pọ̀ jù, tó ní agbára tesla 1.5 (tesla ni wọ́n fi ń wọn agbára òòfà), wáyà tí wọ́n fi niobium àti titanium ṣe ni wọ́n wé yípo ihò tí aláìsàn ń wọ̀. Inú helium olómi, ìyẹn afẹ́fẹ́ kan tí wọ́n mú tutù títí ó fi di omi, ni wáyà yẹn ń gbé, ní -269°C. Bó bá ti tutù dé ibẹ̀, iná tí wọ́n rọ sí i lẹ́ẹ̀kan á máa yí po nínú rẹ̀ láìdín, wáyà náà kò sì ní gbóná. Heike Kamerlingh Onnes ló kọ́kọ́ rí irú èyí lára mákúrì, ní ìlú Leiden nílẹ̀ Netherlands, lọ́dún 1911. Òòfà tó ń ti ibẹ̀ jáde tó ìlọ́po 30,000 òòfà ilẹ̀ ayé tó ń darí abẹ́rẹ́ kọ́ńpáàsì. Ìdí nìyẹn tí àwòrán rẹ̀ fi ń mọ́ kedere: ọpọlọ, ọ̀pá ẹ̀yìn, orúnkún, títí kan ọkàn tí kì í dúró sójú kan.

Ṣùgbọ́n helium tó wà nínú rẹ̀ tó nǹkan bíi lítà 1,500. Kọ̀ǹpírẹ́sọ̀ kan ló ń mú un tutù tọ̀sán-tòru, yálà aláìsàn wà lórí bẹ́ẹ̀dì tàbí kò sí. Òun nìkan a máa jẹ iná tó bíi kílówáàtì 7, a ò tíì ka chiller, ẹ̀rọ amómitutù tó ń tu òun náà lára. Bí NEPA bá mú iná lọ, tí jẹnẹrétọ̀ kò sì gbà á, helium á bẹ̀rẹ̀ sí í hó lọ. Wákàtí díẹ̀ kì í pa á lára, torí ó dà bí omi inú àmù ńlá: díẹ̀díẹ̀ ló ń fà. Bó bá di ọjọ́ púpọ̀, ọ̀rọ̀ á di míì. Wáyà á gbóná, iná inú rẹ̀ á di ooru lójijì, helium á sì ru jáde lẹ́ẹ̀kan náà. Quench ni àwa tí a ń bá ẹ̀rọ yìí ṣiṣẹ́ ń pè é. Lítà kan helium olómi á fẹ̀ dé bíi lítà 700 afẹ́fẹ́. Bí páìpù tó yẹ kó gbé e síta bá dí, kò ní sí ọ́síjìn tí ẹni tó wà nínú yàrá á mí. Lẹ́yìn náà, ẹ ó tún ra helium tuntun, ọjà tó jẹ́ pé Amẹ́ríkà, Qatar àti Algeria ló ti ń wá jù.

Irú kejì ni èyí tí wọ́n dí helium rẹ̀ pa sínú látilé iṣẹ́. Ilé iṣẹ́ Philips gbé tirẹ̀, ti tesla 1.5, jáde lọ́dún 2018, lítà 7 péré ló wà nínú rẹ̀. Siemens ní ti tesla 0.55, helium tirẹ̀ kò tó lítà kan. Kò sí pé à ń rọ helium sí i, kò sì sí páìpù gìrìwò tó ń gba òrùlé kọjá. Mo fẹ́ràn rẹ̀ gan-an, àmọ́ àmù rẹ̀ kéré. Bí iná bá lọ tí kò tètè dé, kò ní pẹ́ gbóná, á sì tú iná inú wáyà sílẹ̀. Helium kankan kò ní sọnù, ó kàn lè gba ọjọ́ mélòó kan kó tó tún tutù débi tí yóò lè yàwòrán. Nípa owó helium, òun ló borí; nípa ìfaradà òkùnkùn, èyí àkọ́kọ́ ló sàn jù ú lọ.

Irú kẹta kò fẹ́ òtútù rárá. Irin neodymium tí òòfà rẹ̀ kì í tán ni wọ́n tò sókè àti sísàlẹ̀, agbára rẹ̀ kì í sábà kọjá tesla 0.4. Iná lọ, iná dé, òòfà wà níbẹ̀. Ohun tó kórìíra ni kí yàrá máa gbóná kó máa tutù, nítorí náà amúlétutù rẹ̀ gbọ́dọ̀ dúró déédéé. Ó lè wúwo ju tọ́ọ̀nù 10 lọ, ẹ má gbé e sí òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì. Yóò yàwòrán ọpọlọ àti ọ̀pá ẹ̀yìn, ṣùgbọ́n ó máa ń pẹ́, kì í sì í ṣe ẹ̀rọ tí mo lè fi yẹ ọkàn wò. Àbúrò rẹ̀ kan wà, Swoop ti ilé iṣẹ́ Hyperfine, tesla 0.064, tí FDA, àjọ tó ń yẹ oògùn àti ohun èlò ìwòsàn wò nílẹ̀ Amẹ́ríkà, fọwọ́ sí lọ́dún 2020. Ó ní táyà, sọ́kẹ́ẹ̀tì ara ògiri ló ń lò, orí nìkan ló sì wà fún. Ní wọ́ọ̀dù pàjáwìrì tí wọ́n ti ń gba àwọn tí rọpárọsẹ̀ kọlù, ó ní ìwúlò tirẹ̀.

Ẹ jọ̀ọ́, nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, kò sí èyí tí òòfà rẹ̀ ń kú nítorí pé ẹ pa iná yàrá. Ó ń fa irin mọ́ra síbẹ̀: sílíńdà ọ́síjìn tí wọ́n gbé wọlé ti pa ènìyàn rí.

Ní ti tòkunbọ̀, níbẹ̀ ni mo ti rí omijé jù. Ẹ lọ síbi tó wà kí ẹ tó san kọ́bọ̀. Bó bá ń ṣiṣẹ́, ẹ ó gbọ́ ọ, kíu-kíu, kíu-kíu, bí ẹyẹ: ẹ̀rọ òtútù rẹ̀ nìyẹn. Bó bá dákẹ́, ẹ béèrè ọjọ́ tó dákẹ́. Ẹ wo iye helium tó kù lójú mítà. Ẹ bi wọ́n bóyá tútù ni wọ́n máa gbé e wọ ọkọ̀ ojú omi tàbí gbígbóná, torí láti mú èyí tó ti gbóná padà sínú òtútù, helium tí ẹ ó lò á pọ̀ ju èyí tó máa gbé sínú lọ.

Ilé ìwòsàn ńlá tó ní jẹnẹrétọ̀ méjì àti ẹnjiníà tó ń sùn síbẹ̀, mo ní kí wọ́n ra èyí tí wọ́n dí pa, ti tesla 1.5. Ilé ìwòsàn aládàáni tí iná ń ṣe ségesège lọ́dọ̀ wọn, tí ọ̀pá ẹ̀yìn àti orí sì pọ̀ jù nínú iṣẹ́ wọn, èyí tí kò fẹ́ òtútù ni kí wọ́n mú. Kí ẹ tó pinnu, ẹ fi oṣù mẹ́ta kọ wákàtí tí iná fi ń lọ lójoojúmọ́ sínú ìwé kan, pẹ̀lú lítà dísù tí ẹ sun, kí ẹ sì gbé ìwé náà síwájú olùtajà.