Alice Neel àbí Barkley Hendricks?

Ayàwòrán ènìyàn ni àwọn méjèèjì ní Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n ọwọ́ wọn yàtọ̀. Neel (1900–1984) a máa ní kí ẹni tó fẹ́ yà jókòó síwájú òun, kò sì ní bo àbùkù kankan. Ní 1970, ó ya Andy Warhol, gbajúmọ̀ ayàwòrán Amẹ́ríkà, láìwọ ẹ̀wù, àpá ọgbẹ́ ìbọn àti iṣẹ́ abẹ hàn kedere. Èmi ò rí i kí n má dúró wò ó.

Kámẹ́rà ni Hendricks (1945–2017) sábà máa ń kọ́kọ́ lò, kó tó fi ọ̀dà ya èèyàn dúdú tó múra dáadáa, àwọ̀ kan ṣoṣo lẹ́yìn rẹ̀. Tó bá jẹ́ ti aṣọ àti ìdúró, òun ló ni í. Ó tilẹ̀ ya Fẹlá wa ní 2002, ó wá to bàtà obìnrin rẹpẹtẹ síwájú àwòrán náà!