Organic Maps lọ́wọ́ ọlọ́kadà tó ń gbé ẹrù kiri Àkúrẹ́

Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi tí ẹ ń fi ọ̀kadà gbé ẹrù fún kọ́sítọ́mà ní Àkúrẹ́, ẹ gbé Organic Maps, áàpù máàpù tó ń júwe ọ̀nà, sórí fóònù yín. Ọ̀fẹ́ ni, kò sí ìpolówó ọjà nínú rẹ̀, kì í sì ṣọ́ ẹni kiri. Ohun tí mo fẹ́ràn jù nípa rẹ̀ ni pé bí dátà bá tán pátápátá, iṣẹ́ rẹ̀ ò dúró. Áàpù tí mo ń lò tẹ́lẹ̀, bí nẹ́tíwọọ̀kì bá ti lọ báyìí, ojú rẹ̀ á funfun báláú, èmi náà á wá dúró sẹ́bàá títì máa wojú àwọn tó ń kọjá. Ẹni tó bá ń gbé ẹrù lọ sí Ìdànrè á mọ ohun tí mò ń sọ.

Ọ̀pọ̀ èèyàn gbà pé dátà ni fóònù fi ń mọ ibi téèyàn wà. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá, ibí yìí gan-an ló sì ya èmi lẹ́nu jù. Àwọn sátẹ́láìtì GPS, ìyẹn àwọn ẹ̀rọ tó ń yí ayé po tí fóònù fi ń mọ ibi téèyàn wà, wà lókè, nǹkan bí 20,200 kìlómítà sí ilẹ̀. Ìgbì rédíò ni wọ́n ń rán wá. Ọmọ ìyá ìmọ́lẹ̀ ni ìgbì yìí: ojú wa ò rí i, àmọ́ eré kan náà ni àwọn méjèèjì ń sá, nǹkan bí 300,000 kìlómítà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Sátẹ́láìtì kọ̀ọ̀kan ń kéde ibi tó wà àti ohun tí aago rẹ̀ sọ. Fóònù á wo bí ìgbì náà ṣe pẹ́ tó lójú ọ̀nà, á fi ìyẹn mọ bí ó ṣe jìn tó. Tó bá ti gbọ́ ti sátẹ́láìtì mẹ́rin, ó ti mọ ibi tí mo dúró sí. Bí aago bá fi ìdá kan nínú mílíọ̀nù ìṣẹ́jú àáyá kan ṣoṣo yẹ̀, ó ti sún èèyàn ní 300 mítà nìyẹn! Títí di oṣù Karùn-ún ọdún 2000, ìjọba Amẹ́ríkà ń mọ̀ọ́mọ̀ da ìgbì tí aráàlú ń gbà rú, tó fi lè fi nǹkan bí 100 mítà ṣìnà. Ká ní wọn ò ṣíwọ́ ni, ta ni ì bá fi irú nǹkan bẹ́ẹ̀ wá géètì ẹnikẹ́ni? Fóònù ò sì dá sátẹ́láìtì lóhùn, ó kàn ń tẹ́tí ni, ìdí nìyí tí kò fi ná wa ní kọ́bọ̀.

Máàpù fúnra rẹ̀ wá láti OpenStreetMap, iṣẹ́ tó bẹ̀rẹ̀ ní England lọ́dún 2004, tí àwọn èèyàn lásán bíi tiwa ń yà káàkiri ayé. Ibi tí mo ti fẹ́ kí gbogbo wa dá sí i nìyí. Àwọn títì ńlá bí Oyèmẹ́kùn àti Arákàlé wà níbẹ̀ torúkọtorúkọ. Àmọ́ béèyàn bá wọ àwọn àdúgbò tuntun lápá Ọba-Ilé, ìlà ọ̀nà lè wà kó má lórúkọ. Kọ́sítọ́mà á ní, "Ẹ̀gbọ́n, tẹ́ ẹ bá ti kọjá ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ béèrè Ìyá Oníbọ̀ọ̀lì." Kò sí sátẹ́láìtì tó mọ Ìyá Oníbọ̀ọ̀lì. Ohun tí mò ń ṣe ni pé mo máa ń ní kí wọ́n fi lókéṣọ̀n ránṣẹ́ lórí WhatsApp, kí n fi Organic Maps ṣí i, kí n sì tọ́jú rẹ̀ pẹ̀lú orúkọ tí n kò ní gbàgbé.

Áàpù náà máa ń ní kéèyàn mú ohun tó fẹ́ fi rìn kó tó júwe ọ̀nà, àmọ́ kò sí ti ọ̀kadà níbẹ̀. Ti mọ́tò ni mò ń lò, mo sì máa ń mú ti kẹ̀kẹ́ bí mo bá fẹ́ gba ọ̀nà tóóró. Kò mọ ibi tí gosìlóò wà, nítorí náà ẹ fi ọgbọ́n tiyín kún un lálẹ́ lápá Ọjà Ọba. Láàárín àwọn àpáta Ìdànrè, ọfà tó ń tọ́ka sí mi a máa fò síbí fò sọ́hùn-ún. Ìgbì ló ń lu àpáta kó tó dé ọ̀dọ̀ fóònù, ó wá pẹ́ ju bó ṣe yẹ lọ. Ẹ dúró níbi tí ojú ọ̀run ti hàn dáadáa, á padà bọ̀ sípò. Ó ń jẹ bátìrì, pàápàá tí ojú fóònù bá wà ní títàn látàárọ̀. Ẹ mú páwà báǹkì dání.

Ẹ fi Wi-Fi wa máàpù Nàìjíríà sílẹ̀ kí ẹ tó jáde nílé. Lẹ́yìn náà, ẹ forúkọ sílẹ̀ ní OpenStreetMap, ọ̀fẹ́ ni ìyẹn náà. Ẹ lè kọ ilé oògùn, ṣọ́ọ̀bù tàbí ilé oúnjẹ sí i látinú áàpù yìí, yóò sì jáde fún gbogbo wa nígbà tí wọ́n bá sọ máàpù dọ̀tun. Ọ̀nà tuntun àti orúkọ òpópó ò ṣe é fi áàpù yìí kọ, orí ìkànnì OpenStreetMap lẹ ó ti ṣe ìyẹn. Orúkọ tí àwọn ará àdúgbò ń pè é gan-an ni kí ẹ kọ.