Ẹ ṣọ́ra fún abẹ́rẹ́ iná màlúù tí wọ́n ń tà lórí alùpùpù ní Kétu

Ẹ̀yin ará mi tó ń sin màlúù, láti Kétu títí dé Sábẹ ní ilẹ̀ Benin, ẹ dákun, ẹ ka èyí kí ẹ tó kó owó lọ sọ́jà.

Ọkùnrin kan ń gun alùpùpù kiri, àpótí funfun ló so mọ́ ẹ̀yìn. Ivermectin, abẹ́rẹ́ tó ń pa kòkòrò ara ẹran, ló ní òun ń tà. Ó ní tí a bá ti gún ẹran lẹ́ẹ̀kan péré, iná, àwọn kòkòrò kéékèèké inú irun, ti tán lára rẹ̀ nìyẹn. Ìgò mẹ́ta ni mo rà, 4,000 fáráǹ lọ́kọ̀ọ̀kan, torí àwọn ọmọ màlúù mi ń ha ara mọ́ igi títí irun ọrùn wọn fi re. Mo gún gbogbo wọn. Nígbà tó di ọjọ́ kẹwàá, mo ya irun ẹ̀yìn ọrùn ọ̀kan wò. Iná ń rìn níbẹ̀ lójú mi, ẹyin wọn funfun wẹ́wẹ́ lẹ̀ típẹ́típẹ́ mọ́ ìdí irun.

Mo bá gbé ìgò tí mi ò tíì lò sínú oòrùn. Gọ́ọ̀mù ni wọ́n fi lẹ páànù ẹnu rẹ̀ padà. Nígbà tí mo ṣí i, ojú abẹ́rẹ́ méjì ti wà lára rọ́bà. Ohun inú rẹ̀ ń ṣàn bí omi kànga, bẹ́ẹ̀ ojúlówó máa ń ki díẹ̀ nínú síríǹjì.

Aládùúgbò mi lọ bá ọkùnrin alùpùpù náà pé oògùn ò ṣiṣẹ́. Oògùn kòkòrò òwú ló tún tà fún un, pé kó fi wẹ ẹran! Ọmọ màlúù kan ń da itọ́, ó ń gbọ̀n, ilẹ̀ ò mọ́ bá a. Ó dùn mí dọ́kàn.

Ojúlówó pàápàá kì í pa ẹyin iná. Láàárín ọ̀sẹ̀ kan sí méjì, ọmọ á tún yọ, ìdí nìyẹn tí dókítà ẹran fi ń ní ká tún un ṣe ní nǹkan bí ọjọ́ 14. Abẹ́rẹ́ yìí ń mú iná tó ń mu ẹ̀jẹ̀, kì í fi bẹ́ẹ̀ mú èyí tó ń jẹ awọ. Oògùn tí wọ́n ń dà sẹ́yìn ẹran ló ń mú ìyẹn. Ọkùnrin yìí ò béèrè bí ẹran ṣe wúwo tó, kò sì béèrè bóyá à ń fún wàrà rẹ̀.

Ẹ ra oògùn lọ́dọ̀ dókítà ẹran. Bí ẹ bá lo ìgò tán, ẹ fọ́ ọ, kí ẹ sì rì í mọ́lẹ̀, torí irú òfìfo bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣà tí wọ́n fi ń rọ ayédèrú sí.